Mo ti padà sẹ́nu iṣẹ́, ọmọ ò fi bẹ́ẹ̀ rí mi mọ́. Ẹ gbà mí níyànjú o

Ìyá Àńjọlá:
Ẹ kú ilé o ẹ̀yin ìyá wa, ẹ kú iṣẹ́ òòjọ́. Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ mí lọ́kàn tí mo ní kí n gbé wá síbí. Àkọ́bí mi ti lé lóṣù márùn-ún, oṣù mẹ́ta péré sì ni wọ́n ń fún wa níbi iṣẹ́ mi, mo ti padà tipẹ́. Ìkòròdú là ń gbé, Marina ni ọ́fíìsì wà, ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ Èkó ẹ mọ bó ṣe máa ń rí, tí mi ò bá ti kúrò nílé láago márùn-ún ìdájí gosiló á ká mi mọ́ ọ̀nà, ọmọ á ṣì máa sùn nígbà yẹn, kí n tó wọlé lálẹ́ á tún ti sùn. Ìyá kan tó ní krẹ́ṣì ládùúgbò wa ló ń tọ́jú ẹ̀, ọkọ mi ló ń gbé e lọ láàárọ̀. Wàrà agolo ló ń mu lọ́sàn-án. Ọmú á wú mi ní ọ́fíìsì títí á fi rin aṣọ, màá wá wọ tọ́ílẹ́ẹ̀tì lọ fún un dànù, bí mo ṣe ń fún un bẹ́ẹ̀ lomi ń bọ́ lójú mi.

Ní Sátidé kan tí wọ́n pè wá síbi iṣẹ́, èmi àti ẹ̀gbọ́n ọkọ mi obìnrin la jọ lọ gba ọmọ, àfi bí ọmọ ṣe di ìyá krẹ́ṣì mọ́ra tó fi ẹkún sí i, kò fẹ́ tẹ̀ lé mi. Ẹ̀gbọ́n ọkọ mi ní "ọmọ tí ò mọ ìyá ẹ̀, ta ló jẹ̀bi?" Ọ̀rọ̀ yẹn ò kúrò nínú mi títí dòní. Mi ò lè fiṣẹ́ sílẹ̀, owó ilé ń bẹ lára owó oṣù mi. Ṣé ọ̀nà wà téèyàn fi lè ṣe irú iṣẹ́ yìí kó tún jẹ́ ìyá gidi fọ́mọ? Ẹ jọ̀ọ́, ẹni tó bá ti là á kọjá ni kó bá mi sọ ọ́.

Màmá Ìbejì Òkè-Àdó:
Ìyá Àńjọlá, ọmọ mi, o kú ọwọ́ lómi o. Ọlọ́run á bá wa wo Àńjọlá. Nu ojú ẹ nù ná.

Ọ̀rọ̀ tí ẹ̀gbọ́n ọkọ ẹ yẹn sọ kò tọ̀nà, màá sì sọ ìdí ẹ̀. Ọmọ tí wọ́n ń fi ebi pa, tàbí tí wọ́n ń jẹ́ kó sunkún láìgbé e, kì í sábà di ẹni tó ń ṣe é bẹ́ẹ̀ mọ́ra. Bí ọmọ ẹ ṣe dì mọ́ obìnrin yẹn, ó jọ pé ó ń tọ́jú ẹ̀ dáadáa ni, ìwọ lo sì wá obìnrin náà rí fún un, ara iṣẹ́ ìyá nìyẹn. Dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀, tó o bá ní ẹ̀bùn kékeré fún un.

Ìyá tó bí mi ń ná ọjà èlùbọ́ láti Ṣakí wá sí Ìbàdàn, tó bá lọ ó lè tó ìgbà díẹ̀ ká tó tún rí i, ìyá ìyá wa la máa ń wà lọ́wọ́ ẹ̀. Kò sẹ́ni tó sọ fún un nígbà yẹn pé kì í ṣe abiyamọ, gbogbo àwọn ìyá tó yí wa ká ló ń ṣòwò tí wọ́n ń dáko tí wọ́n ń rẹ aṣọ láró, ọmọ ń bẹ lẹ́yìn wọn tàbí lọ́dọ̀ ìyá àgbà. Èwo ni tuntun nínú kí ìyá máa ṣiṣẹ́? Ohun tí mo rántí nípa ìyá mi ni pé kò jáde nílé rí láìkì wá. Á jókòó sẹ́bàá ẹní ní ìdájí, á kì mí, "Àlàkẹ́ ọmọ mi", á ki oríkì ilé bàbá mi tẹ̀ lé e, mi ò tíì la ojú tán o, ohùn yẹn ni mo fi mọ̀ pé ilẹ̀ ti mọ́. Mo ti darúgbó báyìí, mo ṣì lè ka gbogbo ẹ̀ láìfo ọ̀rọ̀ kan. Ìwọ náà, kí o tó wá ọkọ̀ láàárọ̀, kì í. Ì báà máa sùn, kì í. Tí o kò bá mọ oríkì ilé ọkọ, pe ìyá ọkọ ẹ lórí fóònù kó kọ́ ẹ, inú tiẹ̀ náà á dùn.

Nọ́ọ̀sì Adérónkẹ́:
Ẹ kú ọmọ o Ìyá Àńjọlá. Gbogbo ohun tí Màmá sọ ni mo fara mọ́, ẹ jẹ́ n bọ́ sórí omi ọmú yẹn torí ó dùn mí pé ẹ ń dà á nù.

Ẹ má dà á nù mọ́. Òfin iṣẹ́ ní Nàìjíríà sọ pé obìnrin tó ń tọ́mọ lọ́wọ́ ní ẹ̀tọ́ sí ìdajì wákàtí ní ẹ̀ẹ̀mejì lóòjọ́ nínú àkókò iṣẹ́ láti fún ọmọ lọ́mú, abala 54 ló wà, ọ̀pọ̀ èèyàn ò mọ̀. Ẹ lọ bá àwọn HR yín, àwọn tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ òṣìṣẹ́, ẹ fi ohùn pẹ̀lẹ́ sọ pé ẹ fẹ́ yàrá kan tó ní kọ́kọ́rọ́, kì í ṣe tọ́ílẹ́ẹ̀tì. Ẹ fọ ọwọ́ yín, ẹ fún un sínú ike mímọ́ tó ní ìdérí, ẹ kọ déètì sí i lára. Nínú fíríìjì ó lè lo ọjọ́ mẹ́rin. Ẹ má gbé e sínú microwave o, inú abọ́ omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ ni kí ìyá krẹ́ṣì gbé ike náà sí, èyí tí ọmọ bá sì mu kù kí wọ́n dà á nù láàárín wákàtí méjì. Tó bá pé oṣù mẹ́fà, ẹ̀kọ mímu tí wọ́n fi edé lílọ̀ sí, ẹ̀wà, ẹyin, gbogbo ẹ̀ á máa wọlé díẹ̀díẹ̀, ṣùgbọ́n ọmú ṣì dáa fún un títí dé ọdún méjì.

Mo fẹ́ bi yín ní nǹkan kan, ẹ má bínú. Ẹkún tẹ́ ẹ ń sun yẹn, ṣé nígbà tẹ́ ẹ bá ń fún ọmú nìkan ni? Tó bá jẹ́ pé ó ti lé ní ọ̀sẹ̀ méjì tí inú yín ń bà jẹ́ lójoojúmọ́, tẹ́ ò rí oorun sùn bí ọmọ tiẹ̀ ń sùn, tàbí tí èrò burúkú ń wá sí yín lọ́kàn, ẹ lọ rí dókítà. Àìsàn tó máa ń ṣe ìyá lẹ́yìn ìbímọ ni, ó ní ìtọ́jú, kì í ṣe pé ìgbàgbọ́ yín ò tó.

Ọmọ Ẹ̀gbá:
Ẹ jẹ́ n fi kinní kan kún un. Nígbà tí Fúnmiláyọ̀ Ransome-Kuti ń kó àwọn obìnrin Abẹ́òkúta jọ lòdì sí owó orí ní 1947, Fẹlá olórin, ọmọ ẹ̀, ò tíì pé ọmọ ọdún mẹ́wàá, Beko àbúrò Fẹlá kéré sí i. Obìnrin tó ń lọ sí ìpàdé láàárọ̀ lálẹ́ nìyẹn, tó ń kọ́ àwọn ìyá ọjà ní ìwé kíkà, ọmọ ń bẹ nílé. Olíkóyè, ọmọ ẹ̀ ọkùnrin tó dàgbà jù, ló wá di dókítà àwọn ọmọdé, tó tún di mínísítà ìlera láti 1985 títí di 1992, tó ń gba àwọn ìyá níyànjú lórí ọmú àti àjẹsára. Ìyá Àńjọlá, ọmọ ń wo ohun tí ìyá ń fi ayé ẹ̀ ṣe. Àńjọlá náà ń wò yín.

Bàbá Fèyí:
Ọkùnrin ni mí, ẹ jọ̀ọ́ ẹ gbà mí láyè. Kí ló dé tó jẹ́ ìyá nìkan ni wọ́n ń bi pé ta ló jẹ̀bi? Ọkọ yín ń gbé ọmọ lọ krẹ́ṣì, ó ṣeun, àmọ́ ó tún lè ṣe jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọkọ gan-an ló yẹ kó dá ẹ̀gbọ́n ẹ̀ lóhùn, kì í ṣe ìyàwó. Lálẹ́, kó ti wẹ ọmọ, kó ti fọ ike, kó ti gbé ìkòkò kaná kẹ́ ẹ tó dé, kó lè jẹ́ pé tẹ́ ẹ bá wọlé, ọmọ nìkan lẹ máa gbé. Nílé wa, ìyàwó mi kì í wọ kíṣìnì lálẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀. Àwọn kan sọ̀rọ̀ títí, ó rẹ̀ wọ́n.

Ìyá Àńjọlá:
Ẹ ṣeun o, ẹ ṣeun gan-an, Màmá Ìbejì, mo ti pe ìyá ọkọ mi, wọ́n ki oríkì náà fún mi mo sì rẹ́kọ́ọ̀dù ẹ̀ sórí fóònù, mo ń gbọ́ ọ nínú ọkọ̀. Nọ́ọ̀sì, ẹkún yẹn, ibi ọmú yẹn nìkan ni, mo máa ń sùn dáadáa, ṣùgbọ́n mo ti gbọ́, màá máa kíyè sí ara mi. Ọkọ mi ka ti Bàbá Fèyí, ó ní òun á bá ẹ̀gbọ́n òun sọ̀rọ̀. HR ti fún mi ní yàrá ìkẹ́rùsí kan tó ní kọ́kọ́rọ́. Ìṣòro tó kù ni iná, fíríìjì ọ́fíìsì kì í fi bẹ́ẹ̀ tutù, ọ̀nà Ìkòròdú tún jìn. Báwo ni omi ọmú náà ò ṣe ní bà jẹ́ kó tó délé?

Nọ́ọ̀sì Adérónkẹ́:
Inú mi dùn gan-an! Ẹ ra kúlà kékeré, irú èyí tí wọ́n fi ń ta omi tútù lójú títì, ẹ ra ice pack tó ń dì mẹ́ta tàbí mẹ́rin, ẹ jẹ́ kó dì mọ́jú nílé. Ẹ kó ike sí àárín wọn, ẹ dé e pa, ẹ má máa ṣí i wò. Tí yìnyín bá ṣì dì, ó lè wà níbẹ̀ fún wákàtí 24, gosiló kankan ò lè pẹ́ tó yẹn. Tẹ́ ẹ bá délé tí iná ò sí, ẹ jẹ́ kó wà nínú kúlà yẹn, kí ọkọ yín gbé e fún ìyá krẹ́ṣì láàárọ̀ ọjọ́ kejì, èyí tó bá pẹ́ jù ni kí wọ́n kọ́kọ́ lò.