Ewé atalẹ̀ pupa mi ń gbẹ, ṣé ó ti kú ni?

Ìyá Mojí
Ẹ kú ọyẹ́ o, ẹ̀yin ará wa. Òṣogbo níbí ni mo wà, Òkè-Fìà. Ọ̀rọ̀ atalẹ̀ pupa ni mo gbé wá, èyí tí àwọn ọmọ ń pè ní tọ́mẹ́ríìkì. Lóṣù kẹrin tí òjò dé, mo ra díẹ̀ ní Ọjà Ọba, mo ṣa èyí tó ti ń yọ ojú, mo gbìn ín sínú ike ọ̀dà oní-lítà 20 mẹ́rin lẹ́yìn ilé. Èbù márùn-ún ni mo rọ́ sínú ike kọ̀ọ̀kan. Ó lé lóṣù kan kó tó hù, mo ti ń bínú sí ìyá tó tà á fún mi. Ìgbà tó wá hù, ẹ wo ewé! Gbọọrọ, ó tutù yọ̀yọ̀ bí ewé ìdò.

Àmọ́ láti bí ọ̀sẹ̀ méjì, ewé ń pọ́n, ó ń wó lulẹ̀. Àárọ̀ àti alẹ́ ni mò ń bomi rin ín, bí mo ṣe ń rin ín ló ń pọ́n sí i. Ike kan tiẹ̀ ti ń rùn. Ṣé kí n da gbogbo rẹ̀ nù ni?

Ọmọ Òròkí
Ẹ pẹ̀lẹ́ mà. Ebi ló ń pa á. Ẹ bu ajílẹ̀ adìẹ sí i.

Àgbẹ̀ Ìlobù
Ọmọ Òròkí, ẹ má kó Màmá sí wàhálà. Oṣù kejìlá la wà yìí, kí ni ajílẹ̀ fẹ́ ṣe fún ohun tó ti fẹ́ lọ sùn?

Màmá, tí ewé iṣu bá gbẹ lórí ebè, ṣé ẹkún lẹ máa ń sun ni, àbí ẹ máa ń wá àdá? Bákan náà ni. Oṣù 8 sí 10 ni atalẹ̀ pupa máa ń lò nínú ilẹ̀. Èyí tó wọlẹ̀ lóṣù kẹrin, inú ọyẹ́ ló máa gbó. Ewé á pọ́n, á gbẹ, gbogbo ohun tó wà lára ewé á sọ̀ kalẹ̀ sínú iṣu rẹ̀. Ẹ dáwọ́ omi yẹn dúró lónìí.

Èyí tó ń rùn, ọ̀rọ̀ tiẹ̀ yàtọ̀. Ẹ fa igi rẹ̀ díẹ̀. Tó bá tú wẹ́rẹ́ mọ́ yín lọ́wọ́, tí ìdí rẹ̀ rọ̀ bí ọ̀gẹ̀dẹ̀ àpọ́njù, ó ti rà nìyẹn. Ihò mélòó lẹ lu sídìí ike?

Ìyá Mojí
Ẹ ṣeun sà. Ihò mẹ́ta mẹ́ta, ìṣó gbígbóná ni mo fi lu ú. Ẹ jẹ́ n lọ wo èyí tó ń rùn.

Yéè! Mi ò lu ihò kankan sí i. Mo gbàgbé.

Àgbẹ̀ Ìlobù
Ẹjọ́ ti parí.

Alátà Ìgbọ̀nà
Ẹ jẹ́ kí n dá sí i, nítorí èyí tó gbẹ ni mò ń tà. Ẹ má wà á tí ewé bá ṣì tutù, á kàn súnkì tí ẹ bá sá a ni. Tí ẹ bá wà á tán, èyí tó rí roboto láàárín ni ìyá, àwọn tó yọ bí ìka ni ọmọ. Ẹ yà wọ́n sọ́tọ̀, torí wọn kì í jinná pọ̀. Ẹ fọ̀ ọ́, ẹ sè é títí tí igi ìgbálẹ̀ á fi lè gún un wọlé. Tèmi máa ń gbà tó ìṣẹ́jú 45. Ẹ gé e wẹ́wẹ́, ẹ sá a. Ọjọ́ tí ẹ bá ṣẹ́ ẹ tó dún pàá, ó ti gbẹ.

Tí ẹ bá fẹ́ lọ̀ ọ́, ẹ bẹ onílọta kó jẹ́ kí ẹ ṣe ìkẹyìn. Ẹni tó bá fẹ́ lọ ẹ̀wà lẹ́yìn yín, àkàrà rẹ̀ á pọ́n bí ìyeyè, orúkọ yín ló sì máa pè.

Ọmọ Òròkí
Ṣé dandan ni sísè? Ìyá tiwa kì í sè é o.

Alátà Ìgbọ̀nà
Kò ṣe dandan. Èyí tí a kò sè náà á gbẹ, ṣùgbọ́n ó máa ń pẹ́, àwọ̀ rẹ̀ kì í sì í dọ́gba.

Ìyá Mojí (lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́rin)
Ẹ̀yin èèyàn mi! Mo da ike kan tí ewé rẹ̀ ti gbẹ tán dojú dé sórí àpò ìrẹsì. Gbòǹgbò ti yí erùpẹ̀ po, iṣu ti há mọ́ra wọn bí èrò inú dánfó. Mo ṣẹ́ ìka kan, inú rẹ̀ pọ́n ju pupa ẹyin lọ, òórùn gba gbogbo ẹ̀yìnkùlé. Ike tí kò níhò ti di ẹrẹ̀, ẹyọ méjì péré ni mo rí yọ níbẹ̀.

Wàhálà tó kù ni pé Mojí fi ọwọ́ pa ṣẹ́ẹ̀tì ilé-ìwé rẹ̀, funfun nini. Mo fi ọṣẹ sí i báyìí, ló bá di pupa bí ẹ̀jẹ̀!

Ọmọ Òròkí
Ṣebí ìlú aró la wà. Ẹ kúkú rẹ ẹ́ láró.

Alátà Ìgbọ̀nà
Ẹ má dá a lóhùn. Ọṣẹ ló sọ ọ́ di pupa, tí ẹ bá ṣàn án dáadáa á padà di ìyeyè. Ẹ wá sá a sínú oòrùn gangan, kí ẹ máa rin ín. Oòrùn máa ń fa àwọ̀ rẹ̀, ìdí nìyẹn tí a kì í fi í kó lílọ̀ rẹ̀ sínú ìgò sí ojú fèrèsé.

Àgbẹ̀ Ìlobù
Màmá, ẹ má sè gbogbo rẹ̀ o. Ẹ mú èyí tó sanra sílẹ̀ fún èbù. Ẹ má fọ̀ ọ́, ẹ bò ó mọ́ iyanrìn gbígbẹ níbi tí òjò àti oòrùn ò dé. Tó bá yọ ojú, ẹ gé e kí ẹyọ kọ̀ọ̀kan ní ojú méjì, kí ojú ọgbẹ́ rẹ̀ gbẹ kó tó wọlẹ̀. Ẹ má rì í jù, oríkèé ìka méjì ti tó. Èbù méjì sínú ike kan, kì í ṣe márùn-ún! Erùpẹ̀ dúdú, iyanrìn díẹ̀, àti ajílẹ̀ adìẹ tó ti gbó. Ọmọ Òròkí, ìgbà yẹn la máa ránṣẹ́ sí yín.

Ìyá Mojí
Mo gbọ́ sà. Ihò ńkọ́?

Àgbẹ̀ Ìlobù
Mẹ́jọ. Kí ẹ sì lu ú kí erùpẹ̀ tó wọ inú ike, ẹ jọ̀ọ́.