Orin fíìmù Yorùbá: kí ló dé tó ń tú àṣírí kí eré tó dé ìdajì?

Àkànní Elétí: Ẹ kú ìjókòó o. Ìṣẹ́jú kẹwàá ni olórin ti ń kọ ọ́ pé "ọ̀rẹ́ rẹ ló máa dà ọ́". Kí ló tún kù tá a fẹ́ wò?

Ìyá Bọ̀dé: Àwa tá à ń se ọbẹ̀ lọ́wọ́ la nílò orin yẹn jàre 😂

Baba Alárìnjó: Ẹ má fojú fíìmù òyìnbó wò ó. Àtọ̀dọ̀ àwọn Hubert Ògúndé, àgbà òṣèré orí ìtàgé, la ti ń fi orin ṣíde eré. Òǹwòran mọ ibi tọ́rọ̀ ń lọ, bó ṣe máa débẹ̀ ló wá wò.

Alátùn-ún-ṣe Ohùn: Ìyẹn ṣì dáa. Gángan tí wọ́n ń gbé sábẹ́ ọ̀rọ̀ ńkọ́? Gángan ń fọhùn! Bí òṣèré ń sọ̀rọ̀ tí ìlù ń sọ̀rọ̀, etí ọmọ Yorùbá á fi òṣèré sílẹ̀, á máa túmọ̀ ìlù. Ẹ fà á wálẹ̀ tó dẹ́síbẹ́ẹ̀lì (ìwọ̀n bí ohùn ṣe lágbára tó) 15 sí 18 sábẹ́ ohùn òṣèré, kó sì ti máa lọlẹ̀ ní ìdajì ìṣẹ́jú-àáyá ṣáájú ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́. Ẹ dín in kù díẹ̀ láàárín 1 sí 4 kHz (ìwọ̀n bí ohùn ṣe tín-ínrín tó), ibẹ̀ lọ̀rọ̀ ti ń já gaara. Tàbí kẹ́ ẹ jẹ́ kí òṣèré dákẹ́ ná, kí ìlù wá dá a lóhùn.

Ṣẹ́gun VI: Ẹ lo bàtá. Bàtá kì í sọ̀rọ̀.

Ọmọ Àyàn: Ta ló sọ bẹ́ẹ̀?! Akólòlò ni, kì í ṣe odi. Dùndún, ẹbí gángan, ní ọsán (okùn awọ) tá a lè fún mọ́ra, ohùn á lọ sókè sódò. Bàtá ò ní ìyẹn, ojú òjò àti ṣáṣá, ìyẹn ojú rẹ̀ ńlá àti kékeré, ló fi ń pín ọ̀rọ̀. Ẹni tí ò gbọ́ ẹnà, èdè àdììtú onílù, ló ń pè é ní ariwo.

Ṣẹ́gun VI: Mo ti gbà, ẹ má fi bílálà nà mí.

Kúnlé: Ẹ wo Psycho, fíìmù ẹlẹ́rù tí Alfred Hitchcock darí, 1960. Ohun èlò olókùn nìkan ni Bernard Herrmann tó kọ orin rẹ̀ lò. Hitchcock ò tiẹ̀ fẹ́ orin kankan níbi tí wọ́n ti gún obìnrin kan lọ́bẹ ní balùwẹ̀. Ó gbọ́ ọ tán, ó yí èrò padà. Ẹ pa ohùn ẹ̀ kẹ́ ẹ wò ó: ọ̀bẹ àti omi lásán ló kù.

Baba Alárìnjó: Saworoidẹ, fíìmù Túndé Kèlání ńkọ́, 1999? Inú ìtàn gan-an ni ìlù wà, wọn ò kàn lẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn.

Àkànní Elétí: Ìbéèrè mi dà o?

Alátùn-ún-ṣe Ohùn: Ẹ kọ́kọ́ gbọ́ ohùn fíìmù yín lórí fóònù olówó pọ́ọ́kú kẹ́ ẹ tó gbé e síta. Báàsì (ohùn ìsàlẹ̀) á kú níbẹ̀, ohùn olórin láá yọ jù nínú orin, á wá bo òṣèré mọ́lẹ̀.

Ìyá Bọ̀dé: Fóònù tèmi lẹ ń bú yẹn o.