“Alátakò” Kò Tó Ẹgbẹ́ Syriza Í Pè

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, ẹ kú àròjinlẹ̀. Ìbéèrè tó wà nílẹ̀ ni pé kí la ó máa pe ẹgbẹ́ òṣèlú Syriza ti ilẹ̀ Gíríìsì tí a bá ń kọ ìtàn bó ṣe dìde ní èdè Yorùbá, pàápàá ọ̀rọ̀ “anti-establishment” (ẹni tó lòdì sí àwọn tó di agbára ìlú mú) tí àwọn oníròyìn Òyìnbó so mọ́ ọn lọ́rùn. Ẹnì kan dábàá “ẹgbẹ́ alátakò apá òsì”. Ẹlòmíràn ní “ẹgbẹ́ ọlọ̀tẹ̀”. Ẹnì kẹta ní ká kúkú kọ “ẹgbẹ́ ajàjàgbara”. N kò fara mọ́ ìkankan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. “Alátakò” sì ni mo fẹ́ bá jà jù, torí òun ló rọrùn láti gbà, òun náà ló sì máa ṣi òǹkàwé lọ́nà jù.

Lẹ́nu àwa Yorùbá, alátakò ni ẹgbẹ́ tí ìbò kò gbé wọlé, tó ń dúró de ìgbà tirẹ̀. Ẹ jẹ́ ká wo Gíríìsì. Nígbà tí ìjọba ológun kógbá wọlé ní 1974, ẹgbẹ́ méjì ni wọ́n dá sílẹ̀ lọ́dún yẹn gan-an: Konstantinos Karamanlis dá New Democracy sílẹ̀, Andreas Papandreou dá PASOK sílẹ̀. Láti ìgbà náà títí di 2015, ọwọ́ àwọn méjèèjì ni ìjọba máa ń wà. Ọ̀kan á wọlé, èkejì á di alátakò. Tó bá ṣe díẹ̀, wọ́n á pààrọ̀ ìjókòó. Bàbá tó bí Andreas ti ṣe olórí ìjọba rí, George ọmọ Andreas náà ṣe é láti 2009. Kostas Karamanlis tó jẹ ṣáájú George, ọmọ arákùnrin Karamanlis àgbà ni. Konstantinos Mitsotakis jẹ ní 1990, ọmọ rẹ̀ Kyriakos sì gorí àga ní 2019. Ìdílé mẹ́ta péré nìyẹn. Alátakò pọ̀ ní Gíríìsì, àmọ́ inú agbo kan náà ni wọ́n ti ń jáde. Bí a bá wá fi orúkọ yẹn pe Syriza, ohun tó mú un yàtọ̀ gan-an la pa rẹ́ yẹn.

Gbèsè ló tú àṣírí agbo náà. Ní October 2009, ìjọba tuntun George Papandreou kéde pé owó tí ìjọba ń ná kọjá èyí tó ń wọlé lọ́nà tó ju ohun tí ìjọba àná sọ lọ fíìfíì. Ní April 2010 ó bẹ̀bẹ̀ fún ìrànwọ́, nígbà tó sì di May wọ́n ti fọwọ́ sí àyálò bílíọ̀nù 110 yúrò. Ayánilówó mẹ́ta ló para pọ̀ ń ṣọ́ wọn: àjọ aláṣẹ ilẹ̀ Yúróòpù, báńkì àgbà ilẹ̀ Yúróòpù, àti IMF, àjọ ayánilówó àgbáyé. Ní November 2011 Papandreou kúrò lórí àga. Wọ́n fi Lucas Papademos, ẹni tó ti jẹ́ igbákejì olórí báńkì àgbà Yúróòpù, rọ́pò rẹ̀, PASOK àti New Democracy sì jọ wọ inú ìjọba kan náà. Mo fẹ́ kí ẹ̀yin tí ẹ gbé “alátakò” kalẹ̀ dá mi lóhùn níbí: lọ́jọ́ tí ìjọba àti alátakò jọ ń jẹun nínú àwo kan, ta la ó fi orúkọ náà pè?

Ìta ni Syriza wà ní tirẹ̀. Ní ìbò 2009, ìdá 4.6 péré nínú ọgọ́rùn-ún ló rí, ìjókòó 13 nínú 300. Ní May 2012 ó gba ìdá 16.8 àti ìjókòó 52. Wọn ò rí ìjọba gbé kalẹ̀, wọ́n tún dìbò ní June, Syriza gba 26.9. PASOK tó gba 43.9 ní 2009 já wálẹ̀ sí 13.2 nínú ìbò May yẹn. Àwọn tó fi PASOK sílẹ̀ lọ sí Syriza kò wá alátakò tuntun. Wọ́n rí i pé àwọn méjì tó ti ń bú ara wọn láti ọjọ́ yìí wá jọ fọwọ́ sí ìwé àdéhùn àyálò kan náà, wọ́n sì lọ bá ẹni tí kò fọwọ́ sí i.

“Ọlọ̀tẹ̀” kò gba mí lákòókò púpọ̀. Ọ̀tẹ̀ la ń dì, ní kọ̀rọ̀, tàbí ká fi ohun ìjà gbè é. Gbangba òde ni Alexis Tsipras, olórí Syriza, ti polongo, àpótí ìbò ló sì gbé e wọlé. “Ajàjàgbara” sún mọ́ ọn díẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká fi í sílẹ̀ fún àwọn tó ni ín: àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ilé ẹ̀kọ́ gíga Polytechnic ní Áténì tí wọ́n dojú kọ tánkì àwọn ológun ní November 1973, àti àwọn èrò tó pé jọ sí gbàgede Syntagma ní 2011 láti fi ìbínú wọn hàn. Èèyàn lè jẹ́ ajàjàgbara láìwá ìbò ẹnikẹ́ni. Syriza wá ìbò.

Ta wá ni wọ́n ń ṣòdì sí? Àwọn Gíríìkì ní ọ̀rọ̀ kan, diaploki, tí wọ́n fi ń pe bí àwọn tó ni ilé iṣẹ́ agbaṣẹ́ṣe ńlá, tí àwọn yẹn kan náà ni iléeṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n, tí wọ́n sì tún mọ mínísítà lórúkọ, ṣe wọnú ara wọn débi pé a ò mọ ibi tí ìjọba parí sí mọ́. Ọ̀rọ̀ tiwa tó kó gbogbo wọn pọ̀ ni “ọ̀tọ̀kùlú”. Ó gba olóṣèlú, ó gba olówó, ó gba onílé iṣẹ́ ìròyìn. Ìdí nìyí tí mo fi dábàá “aṣòdì-sọ́tọ̀kùlú”. Ẹnì kan ti sọ pé “baba ìsàlẹ̀” ló yẹ, àmọ́ baba ìsàlẹ̀ máa ń lórúkọ, ó máa ń ní ọmọ tó gbé sókè; agbo la ń sọ, kì í ṣe ẹnì kan. “Ọ̀jẹ̀lú” sì jẹ́ èébú orí pèpéle ìpolongo. Oníròyìn tó kọ ọ́ ti gbè sẹ́yìn ẹgbẹ́ kan.

Ẹ ṣàkíyèsí pé “aṣòdì-sọ́tọ̀kùlú” nìkan kò tíì tó. Nínú ìbò 2012 kan náà ni Golden Dawn, ẹgbẹ́ tó kórìíra àjèjì tí ìwà rẹ̀ jọ ti Násì, wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin, òun náà ń pariwo pé òun kò bá àwọn ọ̀tọ̀kùlú ṣe. Ọ̀rọ̀ “òsì” ló ya àwọn méjèèjì, a kò sì gbọ́dọ̀ jù ú nù.

Mo mọ̀ pé àwọn kan ń bẹ̀rù “òsì”. Wọ́n ní ọwọ́ òsì kọ́ la fi ń gba nǹkan lọ́wọ́ àgbà, pé ẹni tí kò bá fi àmì sí ìwé rẹ̀ dáadáa lè kọ òṣì. Ẹ jẹ́ ká rántí ibi tó ti wá. Nínú ilé ìgbìmọ̀ ilẹ̀ Faransé ní 1789, àwọn tó fẹ́ gé agbára ọba kù jókòó sí òsì alága, àwọn tó wà lẹ́yìn ọba jókòó sí ọ̀tún rẹ̀. Ìjókòó ló bí orúkọ. Àwa náà mọ ìjókòó: Ọ̀tún Olúbàdàn, Òsì Olúbàdàn, Ọ̀tún Balógun, Òsì Balógun. Kò sí ẹni tó gbọ́ oyè Òsì tó rò pé wọ́n ń gàn án. Àwọn Gíríìkì àtijọ́ náà bẹ̀rù ọwọ́ òsì; ọ̀rọ̀ aristerá tí wọ́n ń pè é lónìí, láti ara ọ̀rọ̀ tó túmọ̀ sí “èyí tó dára jù” ni wọ́n ti yọ ọ́, kí wọ́n lè pọ́n ọn lé. Ohun kan ṣoṣo ló kù: Òsì tiwa, ìjòyè ni, ó ń jókòó pẹ̀lú ọba. Fún òǹkàwé tó mọ oyè ju òṣèlú Yúróòpù lọ, “ẹgbẹ́ òsì” lásán lè dún bí ẹgbẹ́ àwọn tó sún mọ́ àga. Nítorí náà ni mo ṣe fẹ́ kí ọ̀rọ̀ méjèèjì máa rìn pọ̀: ẹgbẹ́ òsì aṣòdì-sọ́tọ̀kùlú.

Ní ti orúkọ ẹgbẹ́ náà gan-an, ìkékúrú ni Syriza. Àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké ló para pọ̀ dá a sílẹ̀ ní 2004. Ọ̀rọ̀ àárín rẹ̀ ní èdè Gíríìkì, rizospastikós, gbòǹgbò ló wà nínú rẹ̀, ẹni tó ń fa nǹkan ya láti ìdí. “Àgbájọ Òsì Ahúgbòǹgbò” ni èmi yóò kọ ọ́. Ẹni tó bá ní “ẹgbẹ́ aláṣejù” ti fi ẹ̀sùn kàn wọ́n kó tó sọ orúkọ wọn.

Ibi tó kàn mí lọ́kàn jù ni “ìṣọ́wóná”, tí ẹni tó kọ̀wé ṣáájú mi fi pe ohun tí àwọn ayánilówó gbé lé Gíríìsì lórí, ìyẹn gígé owó tí Òyìnbó ń pè ní “austerity”. Ìwà rere ni ìṣọ́wóná, ìyá ló ń kọ́ ọmọ. Ní February 2012, ìjọba gé owó oṣù tó kéré jù láti 751 yúrò sí 586. Wọ́n gé owó ìfẹ̀yìntì léraléra. Ní 2013, àìríṣẹ́ṣe kọjá ìdá 27 nínú ọgọ́rùn-ún, ó sì ju ìdajì lọ láàárín àwọn ọ̀dọ́ tó ń wá iṣẹ́. Ẹni tí wọ́n gé oúnjẹ rẹ̀ kò ṣọ́ owó ná. Ẹ̀yin tí ẹ rí ìgbà SAP ní Nàìjíríà láti 1986 kò nílò kí n ṣàlàyé. “Ìfúnnilọ́rùn” ni mo máa kọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni “owó ìdóòlà” (“bailout” lẹ́nu Òyìnbó) kò yẹ àyálò wọ̀nyẹn, nítorí èyí tó pọ̀ jù nínú owó náà ni wọ́n fi san gbèsè àtijọ́ tí wọ́n sì fi ti àwọn báńkì lẹ́yìn.

Àwọn òsì ní Gíríìsì ń sọ pé ilẹ̀ wọn ti di ilẹ̀ tí gbèsè kó lẹ́rú. Yorùbá ní ọ̀rọ̀ tó ṣe rẹ́gí jùyẹn lọ: ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe lóko olówó rẹ̀ dúró fún èlé. Kò dín owó tí wọ́n yá kù rárá. Ní 2009, gbèsè Gíríìsì tó nǹkan bí ìdá 127 nínú ọgọ́rùn-ún gbogbo ohun tí ilẹ̀ náà ń pa lọ́dún. Lẹ́yìn gbogbo gígé yẹn, ní 2014, ó ti tó nǹkan bí 180. Tí ọmọ Yorùbá bá ka “ìwọ̀fà”, yóò mọ ìdí tí inú fi ń bí wọn, àti ìdí tí Syriza fi gba ìdá 36.3 ní January 25, 2015, ìjókòó 149, tó ku méjì kó lè dá ìjọba ṣe.

Ẹnì kan bi wá pé ṣé a lè máa pè é ní aṣòdì-sọ́tọ̀kùlú lẹ́yìn tó ti wọlé. Ìbéèrè tó dára ni. Ní July 5, 2015, Tsipras pe àwọn ará ìlú síbi ìdìbò bẹ́ẹ̀ni-àbí-bẹ́ẹ̀kọ́ lórí ohun tí àwọn ayánilówó ń bèèrè. Ìdá 61.3 ní bẹ́ẹ̀kọ́. Ní July 13, ó gbà fún àdéhùn kẹta, àyálò tó lè tó bílíọ̀nù 86 yúrò, tòun ti ìfúnnilọ́rùn tuntun. Lóòótọ́, àwọn báńkì ti wà ní títì, 60 yúrò lóòjọ́ ni èèyàn lè gbà lẹ́nu ẹ̀rọ, n kò sì ní fojú kéré ohun tó wà lórí rẹ̀ lóru yẹn. Àmọ́ ìwé tí PASOK àti New Democracy fọwọ́ sí, òun náà ti fọwọ́ sí irú rẹ̀. Panagiotis Lafazanis àti àwọn aṣòfin Syriza mìíràn fi í sílẹ̀, wọ́n dá ẹgbẹ́ tiwọn sílẹ̀, kò sì wọlé. Syriza tún borí ní September pẹ̀lú ìdá 35.5, àmọ́ gẹ́gẹ́ bí ẹgbẹ́ ìjọba.

Àbá mi nìyí, kí àwọn tó ń kọ ìròyìn àti àwọn tó ń kọ ìwé ìtàn wò ó: títí di July 2015, ẹ kọ “Syriza, ẹgbẹ́ òsì aṣòdì-sọ́tọ̀kùlú”. Láti ìgbà náà títí tó fi kúrò nínú ìjọba ní 2019, ẹ kọ “Syriza, ẹgbẹ́ òsì”. Láti 2019, tó ti ń jókòó dojú kọ ìjọba Mitsotakis nílé aṣòfin, ẹ lè kọ “alátakò”.