Ogun abẹ́lẹ̀ kọ́, ogun ibùba ni

Okun o, ẹ̀yin ará. Mo ka ohun tí ẹ̀gbọ́n wa láti Ìsánlú kọ, pé "ogun abẹ́lẹ̀" ni ká máa pe "guerrilla warfare" ní Yorùbá, irú ogun tí àwọn ọlọ̀tẹ̀ Castro àti Guevara bá ìjọba jà ní Cuba. N kò fara mọ́ ọn rárá. Orúkọ yẹn ti ní ohun tó ń jẹ́: ogun Biafra, 1967 sí 1970, níbi tí ọmọ ogun ti dojú kọ ọmọ ogun ní gbangba. Ti orí òkè Sierra Maestra, níbi tí Castro ti jà ní Cuba, kò rí bẹ́ẹ̀.

Àbúrò wa ní Kábà ní "ogun inú igbó". Ṣùgbọ́n àwọn ará Algeria tó bá Faransé jà láti 1954 sí 1962 gbé ogun náà wọ àwọn ọ̀nà tóóró Casbah, àdúgbò àtijọ́ kan láàárín ìgboro Algiers. Igbó wo ló wà níbẹ̀?

"Ogun ibùba" ni mo fọwọ́ sí. Ọdẹ ilẹ̀ wa mọ ibùba dáadáa: yóò kọ́kọ́ wo ibi tí afẹ́fẹ́ ń fẹ́ sí, kí ẹran má baà gbóòórùn rẹ̀, kò ní yìnbọn títí ẹran yóò fi dé tòsí. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹgbẹ́ kékeré tí agbára rẹ̀ kò tó ti ìjọba ṣe ń yọ lójijì, tí yóò gba ìbọn, tí yóò sì pòórá kí ogun ńlá tó dé.

Ẹnìkan bi mí nípa àwọn baba wa tó gun àpáta Ìjùmú nígbà ogun Tápà, torí pé ẹṣin kò lè gun òkúta. Ìsápamọ́ nìkan kò tíì di ogun ibùba. Ó dìgbà tí wọ́n bá ti ibẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ wá kọlu ọ̀tá, kí wọ́n tún padà sókè.

Àwọn kan fẹ́ "ogun ìjàgbara". Ibí ni ọ̀rọ̀ wà gan-an. FRELIMO, ẹgbẹ́ tó ń jà fún òmìnira, fi ibùba bá Pọtogí jà ní Mozambique láti 1964, wọ́n gba òmìnira ní 1975. Kò pẹ́ tí RENAMO, ẹgbẹ́ ọlọ̀tẹ̀ kan, fi dìde, tí wọ́n ń fi ibùba kan náà bá ìjọba FRELIMO fúnra rẹ̀ jà. Ṣé ajìjàgbara ni gbogbo wọn? Ọgbọ́n ìjà ni ibùba. Ìdí tí a fi ń jà yàtọ̀, ẹ má jẹ́ ká dà wọ́n pọ̀. Ará ìlú ló sì ń gbé ogun ibùba ró. Guinea-Bissau, níbi tí Amílcar Cabral ti ṣe olórí àwọn tó bá Pọtogí jà, kò ní òkè ńlá, àwọn ará ìlú ló fi ṣe òkè. Ní Bolivia, àwọn àgbẹ̀ kò tẹ̀lé Guevara. Àwọn ọmọ ogun ìjọba Bolivia mú un, wọ́n pa á ní 1967.

Ẹni tó ń jà á ńkọ́? Mo dábàá "ajagun-ibùba". Ẹni tó bá ní èyí tó yọ̀ lẹ́nu jù ú lọ, kó mú un wá.