Wọ́n ń sọ àdúgbò wa di ààtàn, ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará.

Ọ̀jọ́tá ni mo ń gbé, a ò jìnnà sí ààtàn Olúṣòsún. A fara da èéfín iná tó jó níbẹ̀ lóṣù kẹta ọdún 2018. Ohun tó ń dùn mí báyìí ni àwọn ọkọ̀ tí kì í dé ojú ààtàn mọ́. Òru ni wọ́n ń wá da ẹrù wọn sí ẹ̀gbẹ́ gọ́tà wa: abẹ́rẹ́ tí wọ́n ti lò, bátìrì tó ti kú, tẹlifíṣọ̀n tó ti fọ́. Àwọn ọmọdé sì ń fi í ṣeré! Nígbà tí a dá awakọ̀ kan dúró, ó ní, "Ṣebí ibi ìdọ̀tí náà lẹ ń gbé." Ọ̀rọ̀ yẹn kò kúrò lọ́kàn mi.

Ní 1988 tí àṣírí tú pé wọ́n ti kó ìdọ̀tí olóró láti Ítálì wá sí ìlú Kókò ní ìpínlẹ̀ Delta òde òní, ariwo ló mú kí wọ́n kó o padà, òfin tó ka irú ìdọ̀tí bẹ́ẹ̀ léèwọ̀ sì jáde lọ́dún yẹn kan náà. Nítorí náà mi ò gbà pé kò sí ohun tí a lè ṣe.

Ayálégbé ni mí. Àwọn onílé ní ká má pariwo, kí owó ilé má baà já. A ti kọ̀wé sí ìjọba ìbílẹ̀, wọn ò dáhùn. Ṣé fọ́tò nọ́ńbà ọkọ̀ tó ẹ̀rí? Ta ló kàn tí a lè kọ̀wé sí? Ta ni a sì lè pè kó wá kó abẹ́rẹ́ wọ̀nyẹn kí ọmọ kankan tó fi gún ara rẹ̀?