Ẹ bá mi wá igi òdòdó funfun tó ń so rọ̀, fún ẹ̀gbẹ́ ògiri

Adùkẹ́ Akóbọ̀: Ẹ kú ojúmọ́ o, ẹ̀yin ará ọgbà. Níbi ìgbéyàwó kan tí a lọ l'Ábẹ́òkúta, mo rí igi kan lẹ́nu ọ̀nà. Kò fi bẹ́ẹ̀ ga ju ènìyàn lọ, ewé rẹ̀ dúdú, ó ń dán, òdòdó rẹ̀ funfun sì so rọ̀ wálẹ̀ bí ìborùn ìyàwó. Ẹni tí mo bi kò mọ orúkọ rẹ̀. Mo fẹ́ irú rẹ̀ sí ẹ̀gbẹ́ ògiri ilé wa n'Íbàdàn. Oòrùn àárọ̀ ń kan ibẹ̀, ṣùgbọ́n tó bá ti di ọ̀sán, òjìji ilé á bò ó. Àwọn ọmọ kéékèèké wà nílé. Kí lẹ rò pé kí n gbìn?

Ọmọ Ológbà: Ẹ kú ojúmọ́ mà. Bí ẹ ṣe ṣàpèjúwe rẹ̀ yìí, ó jọ Clerodendrum wallichii, èyí tí àwọn tó ń ta òdòdó ń pè ní Bridal Veil. Ẹsẹ̀ òkè Himalaya ló ti wá, láti India dé Myanmar àti gúúsù China. Òjìji díẹ̀ ló fẹ́, ibi tí ẹ sọ yẹn á bá a lára mu. Oòrùn ọ̀sán gangan ló máa ń jó etí ewé rẹ̀.

Ilẹ̀ ni kí ẹ fọkàn sí jù. Kò fẹ́ kí omi dúró sí ìdí òun, kò sì fẹ́ kí ilẹ̀ gbẹ táútáú. Ẹ po ilẹ̀dú pọ̀ mọ́ yanrìn díẹ̀ àti ìgbẹ́ adìyẹ tó ti jẹrà dáadáa. Èyí tó ṣì ń rùn, gbòǹgbò ló máa jó. Ẹ má sì jẹ́ kí ajílẹ̀ pọ̀ jù, ewé nìkan ni igi á máa yọ, ẹ ò ní rí òdòdó. Kí ọyẹ́ tó dé, ẹ fi koríko gbígbẹ bo ìdí rẹ̀, kí ẹ sì máa bomi rin ín.

Orí ẹ̀ka tuntun ló ti ń tanná. Ìgbà tó bá tanná tán ni kí ẹ gé e. Ẹni tó bá gé e nígbà tí òjò ń kásẹ̀ nílẹ̀, òdòdó ọdún náà ló gé dànù.

Kọ́lá Ẹ̀gbá: Ẹ̀gbọ́n, kí ló dé tí a fi ń wá ti India nígbà tí tiwa wà ńlẹ̀? Clerodendrum thomsoniae, igbó Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà níbí ló ti wá. Míṣọ́nnárì kan tó wà ní Kàlàbá, William Cooper Thomson, ló ní kí wọ́n fi orúkọ ìyàwó òun tó ti di olóògbé sọ ọ́. Ọdún 1862 ni orúkọ náà jáde nínú ìwé. Ẹ wo igbó tó bí ọmọ, ẹ wá wo ẹni tó gba ìkómọ! Ó rẹwà o. Òdòdó pupa inú rẹ̀ á já bọ́, apó funfun tó gbé e á ṣì wà níbẹ̀ fún ìgbà pípẹ́.

Ọmọ Ológbà: Mi ò jà, ṣùgbọ́n fífà ni tiwa yẹn ń fà. Ẹ ní láti na wáyà fún un. Funfun láìsí pupa ni mà sì ń wá.

Ìyá Tóbi: Ẹ gbin bougainvillea funfun kí ẹ sinmi.

Kọ́lá Ẹ̀gbá: Ẹ̀gún rẹ̀ ńkọ́, mà, pẹ̀lú ọmọdé? Oòrùn gbalasa ló sì fẹ́. Nínú òjìji, ewé lásán lẹ ó máa wò.

Àbẹ̀ní Houston: Ẹ jọ̀ọ́, bí ọlọ́jà kan bá fi èyí tí òdòdó rẹ̀ tóbi, tó dorí kodò, tó ń ta sánsán lálẹ́ hàn yín, Brugmansia nìyẹn. Gúúsù Amẹ́ríkà ló ti wá, ìbátan apikán ni. Májèlé ni láti orí ewé dé orí èso. Mo fẹ́ràn rẹ̀ o, àmọ́ kì í ṣe fún ilé ọlọ́mọ wẹ́wẹ́.

Wallichii tèmi, inú ìkòkò ló wà, torí òtútù ìhín kì í ṣeré. Mo máa ń gbé e wọlé. Inú ilé yẹn ni kòkòrò funfun wúruwùru ti máa ń bò ó. Ẹ bá ti rí èèrà tó ń gun igi, ẹ yẹ abẹ́ ewé wò, torí omi dídùn tí kòkòrò yẹn ń yọ ni èèrà ń lá. Omi ọṣẹ tó rọra fẹ́lẹ́ àti òróró dongóyárò ni mo fi ń lé e, ní ìrọ̀lẹ́, kì í ṣe nínú oòrùn.

Adùkẹ́ Akóbọ̀: Ẹ ṣé gan-an. Wallichii ni mo mú. Àwọn ọlọ́dòdó tí mo bi ní Bódìjà ò ní in. Ṣé mo lè bẹ àwọn tó ni ilé àríyá yẹn kí wọ́n gé ẹ̀ka fún mi?

Ọmọ Ológbà: Ẹ bẹ̀ wọ́n mà. Ẹ kọ́kọ́ wo ìdí igi náà, ó máa ń yọ ọmọ. Èyí tó bá ti ní gbòǹgbò yá ju ẹ̀ka lọ. Bí kò bá sí, ẹ gé ẹ̀ka tí kò tíì tanná, nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 15, nísàlẹ̀ oríkèé gẹ́lẹ́. Ẹ já ewé ìsàlẹ̀ kúrò, kí ẹ fi méjì sílẹ̀ lókè. Yanrìn àti ilẹ̀dú nínú náílọ̀n tí ẹ dá lu ni kí ẹ gbìn ín sí, kí ẹ fi náílọ̀n funfun bò ó nínú òjìji. Á tó ọ̀sẹ̀ 4 sí 6 kó tó ta gbòǹgbò. Ẹ má máa fà á tu láti wò ó o! Oṣù Igbe sí Èbìbí, tí òjò bá ti ń fìdí múlẹ̀, ló dára jù.

Adùkẹ́ Akóbọ̀: Inú omi ni kí n gbé e sí títí màá fi dé Ìbàdàn?

Ọmọ Ológbà: Rárá mà. Ẹ fi aṣọ tútù wé ìdí rẹ̀, kí ẹ kì í sínú náílọ̀n. Ẹ má gbé e síwájú mọ́tò níbi tí oòrùn ti ń ràn wọlé.