Àtẹ̀gùn Inú Pálọ̀ Mi

Kí n tó dórí ọ̀rọ̀ onímọ̀ ìjìnlẹ̀ èrò kan tí mo rí nínú fíìmù, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ti bíríkìlà mi. Níbi tí mo ti ń kọ́ ilé ní Tankẹ́, nílùú Ìlọrin, bàbá náà nu símẹ́ǹtì ọwọ́ rẹ̀ nù, ó wo àwòrán ilé tí mo tẹ́ sórí búlọ́ọ̀kù, ó ní, “Alàájì, yàrá kan ṣoṣo ni yóò wà lókè yìí. Kí ni ẹ fẹ́ máa gun àtẹ̀gùn tó tó báyìí lọ ṣe níbẹ̀?” N kò rí èsì fún un. Ohun tí mo ṣáà mọ̀ ni pé àtẹ̀gùn náà gbọ́dọ̀ wà nínú pálọ̀, kí ó ká bí ìwo àgbò, kí irin rẹ̀ sì máa dán.

Ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni ọmọ ẹ̀gbọ́n mi tó wà ní yunifásítì fi fíìmù kan hàn mí lórí kọ̀ǹpútà rẹ̀. Sophie Fiennes ni ó darí rẹ̀ ní 2006, Slavoj Žižek, onímọ̀ ìjìnlẹ̀ èrò náà, ọmọ orílẹ̀-èdè Slovenia, ni ó sì ń sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Ọkùnrin onírùngbọ̀n yìí, tí ọwọ́ rẹ̀ kì í kúrò nímú, ń sọ̀rọ̀ láti inú àwọn ibi tí wọ́n tún kọ́ kí ó lè jọ ti inú àwọn fíìmù àtijọ́. Ó wọ abẹ́ ilẹ̀ ilé inú Psycho, fíìmù abanilẹ́rù nípa ọmọkùnrin kan àti ìyá rẹ̀ tí Hitchcock ṣe ní 1960, ó sì ní ilé alájà mẹ́ta náà rí bí Freud, oníṣègùn tó ṣèwádìí ọkàn, ṣe pín ọkàn ènìyàn: òkè ni ohùn ìyá tó ń bá ọmọ wí wà, àjà àárín ni ọmọ náà ti ń ṣe bí ọmọlúàbí, abẹ́ ilẹ̀ sì ni ìfẹ́ tí kò gba ìjánu, apá ọkàn tí ojú àwa fúnra wa kò tó. Nígbà tí ọmọ náà gbé ìyá rẹ̀ láti òkè lọ sí abẹ́ ilẹ̀, Žižek ní èyí fi hàn pé ohùn abániwí àti ìfẹ́ aláìníjàánu kò jìnnà síra wọn rárá. Àwọn àlàyé rẹ̀ mìíràn gùn ju ohun tí sùúrù mi gbé lọ, ṣùgbọ́n èyí yé mi.

Ibi tó ti wá bá mi gan-an ni ibi tó ti sọ pé sinimá kì í fún wa ní ohun tí a fẹ́. Bí a ó ṣe máa fẹ́ nǹkan ni ó ń kọ́ wa. Mo ní kí ọmọ ẹ̀gbọ́n mi dá fíìmù náà dúró ná. Mo rántí pálọ̀ aládùúgbò wa kan ní Òmù-Àrán, níbi tí àwa ọmọdé ti máa ń fún ara wa mọ́ra níwájú fídíò bí iná bá wà. Nínú àwọn fíìmù àgbéléwò tí a ń wò níbẹ̀, olówó kì í ṣàdédé jáde sí àlejò. Orí àtẹ̀gùn ni ó ti máa ń sọ̀kalẹ̀ jẹ́jẹ́, tí yóò máa ká agbádá sí èjìká, tí àlejò yóò sì ti dìde dúró kí ó tó délẹ̀. Ilé alámọ̀ tí wọ́n fi símẹ́ǹtì rẹ́ ni a ń gbé, bàbá mi kò sì fìgbà kan sọ̀rọ̀ àtẹ̀gùn. Fún ohun tó lé ní 30 ọdún, mo rò pé láti inú ara mi ni ìfẹ́ àtẹ̀gùn yìí ti wá.

Mo ro gbogbo rẹ̀ fún bíríkìlà. Ó gbọ́ ọ tán, ó rẹ́rìn-ín, ó ní, “Ẹ ti wá mọ ẹni tó fi sí yín lọ́kàn báyìí. Ṣé ká yọ ọ́ kúrò nínú àwòrán ni?” Mo ní kí ó má yọ ọ́, kí ó sì má gbàgbé irin dídán yẹn.